Ọjọ́ Orí Irinṣẹ́ Kọ́ Ni Ó Ń Pa Iṣẹ́: Láti Ojú Irin Ọ̀fà dé Àlàkalẹ̀ Iṣẹ́ orí Kọ̀ǹpútà

  Ọ̀rọ̀ tí ó wà níwájú wa dà bí ọ̀rọ̀ tuntun, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ àtijọ́ ni. Ó dá lórí irinṣẹ́ tí a fi ń ṣètò iṣẹ́ ńlá: bí a ṣe ń gbé e kalẹ̀ ní ilé-iṣẹ́, bí a ṣe ń tọ́jú rẹ̀, àti ohun tí ó yẹ kí a ṣe nígbà tí ó bá di arúgbó mọ́ wa lọ́wọ́. Lóde òní, orí kọ̀ǹpútà ni irinṣẹ́ bẹ́ẹ̀ wà. Ìbéèrè tí a fẹ́ dáhùn ni èyí: bí ilé-iṣẹ́ kan bá ṣì ń fi ètò kọ̀ǹpútà tí ó ti lé ní ogún ọdún ṣe àbójútó iṣẹ́ àkànṣe rẹ̀, ṣé ìwà àìmọ̀kan ni, àbí ìwà ọlọ́gbọ́n?

Kí a tó dáhùn, ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ lọ sí ibùdókọ̀ ojú irin tí ó wà ní Ọ̀fà, nítorí ibẹ̀ ni ẹ̀kọ́ náà ti bẹ̀rẹ̀ fún àwa tí a wà ní agbègbè yìí.

Ọ̀pọ̀ ènìyàn ni ó mọ Ọ̀fà, ní Ìpínlẹ̀ Kwara, gẹ́gẹ́ bí ìlú Ọlọ́fà, ìlú tí a mọ ìjàkadì mọ́ káàkiri ilẹ̀ Yorùbá. Ṣùgbọ́n ìlú ojú irin ni Ọ̀fà pẹ̀lú. Ní ọdún 1896 ni ìjọba Gẹ̀ẹ́sì bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ́ irin láti Ìdó ní Èkó. Irin náà gba Abẹ́òkúta kọjá, wọ́n sì ṣí i dé Ìbàdàn ní 1901. Ó dé Òṣogbo ní 1907, ó dé Ọ̀fà ní 1908, ó sì kan Odò Ọya ní Jẹ́bà ní 1909. Ẹsẹ̀ bàtà 3 àti ínǹṣì 6 ni wọ́n fi ṣe ìwọ̀n àlàfo tí ó wà láàárín irin méjèèjì. Mo bẹ̀ yín, ẹ fi ìwọ̀n yìí sọ́kàn, nítorí a ó tún padà bá a kí a tó túká.

Ẹ wo bí irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ti rí. Láti òkè òkun ni irin ti ń wá sí èbúté Èkó. Bí ọ̀nà bá ti ń gùn sí i, ọkọ̀ ojú irin fúnra rẹ̀ ni ó ń gbé ẹrù iṣẹ́ lọ sí iwájú. Ọ̀nà tí a ti tẹ́ lẹ́yìn ni ó ń bọ́ ọ̀nà tí a ń tẹ́ níwájú. Bí afárá kan bá fà sẹ́yìn, gbogbo àwọn tí ó wà níwájú yóò káwọ́ gbera, owó yóò sì máa ṣòfò. Ẹni tí ó ń ṣàkóso irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ kò lè gbé gbogbo rẹ̀ sínú orí. Ó gbọ́dọ̀ kọ ọ́ sílẹ̀: èwo ni yóò ṣáájú, èwo ni yóò tẹ̀lé e, ọjọ́ mélòó ni ọ̀kọ̀ọ̀kan yóò gbà, ta ni yóò sì ṣe é. Ohun tí a ń pè ní àlàkalẹ̀ iṣẹ́ nìyẹn.

Kí ẹnikẹ́ni má ṣe rò pé òyìnbó ni ó kọ́kọ́ fi èyí yé wa. Àwọn baba wa tí wọ́n ń fi amọ̀ mọ ilé mọ̀ pé ìpele kan gbọ́dọ̀ gbẹ kí a tó gbé èkejì lé e. Wọ́n mọ̀ pé ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ni a ń mọ ògiri, àti pé kí òjò tó dé ni òrùlé gbọ́dọ̀ ti bò ó. Nínú àáró, àwọn àgbẹ̀ a máa ṣètò ẹni tí wọn yóò kọ́kọ́ bá ro oko àti ẹni tí yóò tẹ̀lé e, kò sì sí ẹni tí a ń rẹ́ jẹ. Wọ́n ní igi gogoro má gùn mí lójú, òkèèrè ni a ti ń wò ó. Ohun tí ó yàtọ̀ ni pé inú orí àti ẹnu àgbà ni àlàkalẹ̀ tiwọn wà. Ìgbà tí iṣẹ́ gbòòrò tí ó fi kan ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn tí wọn kò mọ ara wọn rí, orí àti ẹnu kò tó mọ́.

Ní ọdún 1896 yìí kan náà tí iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ ní Ìdó, ọmọ ilẹ̀ Poland kan tí ń jẹ́ Karol Adamiecki, tí í ṣe onímọ̀-ẹ̀rọ, ṣe àgbékalẹ̀ àtẹ kan tí ó ń fi bí iṣẹ́ ṣe ń tẹ̀lé ara wọn hàn. Lẹ́yìn ọdún mélòó kan, ní nǹkan bí ọdún 1910 sí 1915, Henry Gantt ní Amẹ́ríkà mú irú àtẹ bẹ́ẹ̀ gbajúmọ̀. Orúkọ rẹ̀ ni a sì fi ń pè é títí di òní. Bí àtẹ Gantt ti rí kò ṣòro: a ó kọ orúkọ iṣẹ́ sí apá òsì láti òkè dé ilẹ̀, a ó to ọjọ́ sí òkè láti òsì lọ sí ọ̀tún, a ó sì fa ìlà gbọọrọ síwájú iṣẹ́ kọ̀ọ̀kan láti ọjọ́ tí yóò bẹ̀rẹ̀ dé ọjọ́ tí yóò parí. Ẹni tí ó bá ti wò ó lẹ́ẹ̀kan ti mọ ibi tí iṣẹ́ dé.

Ṣùgbọ́n àtẹ náà ní àléébù kan. Ó ń fi ìgbà hàn, ṣùgbọ́n kò fi bẹ́ẹ̀ sọ iṣẹ́ tí ìdádúró rẹ̀ yóò dá gbogbo nǹkan dúró. Ní ọdún 1957, James Kelley ti ilé-iṣẹ́ Remington Rand àti Morgan Walker ti ilé-iṣẹ́ DuPont jọ wá ojútùú sí i, kọ̀ǹpútà UNIVAC ni wọ́n sì fi ń ṣe ìṣirò rẹ̀. Ní ọdún tí ó tẹ̀lé e, 1958, àwọn ọmọ ogun ojú omi Amẹ́ríkà gbé irú ọgbọ́n bẹ́ẹ̀ tí a ń pè ní PERT kalẹ̀ fún iṣẹ́ ohun ìjà Polaris.

Ẹ̀yin olùkọ́, ẹ jẹ́ kí a fi kíláàsì kan tí a fẹ́ kọ́ ṣe àpẹẹrẹ, kí ó lè yé àwọn ọmọ wa. Ká ní ìpìlẹ̀ yóò gba ọjọ́ 10, ògiri ọjọ́ 15, òrùlé ọjọ́ 8, ọ̀dà ọjọ́ 5. Ọ̀kọ̀ọ̀kan gbọ́dọ̀ dúró de èyí tí ó ṣáájú rẹ̀, nítorí náà àròpọ̀ wọn jẹ́ ọjọ́ 38. Káfíńtà tí yóò ṣe àga àti tábìlì nílò ọjọ́ 20, ṣùgbọ́n kò ní í dúró de ẹnikẹ́ni. Ó lè bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ kìíní. Káfíńtà yìí ní ọjọ́ 18 tí ó lè fi ṣeré láìpa ẹnikẹ́ni lára. Ṣùgbọ́n bí bíríkìlà bá fi ọjọ́ kan ṣoṣo ṣeré, ọjọ́ kan ni gbogbo iṣẹ́ yóò fi pẹ́. Ọ̀nà tí ó ti ìpìlẹ̀ lọ sí ògiri, sí òrùlé, sí ọ̀dà ni a lè pè ní ọ̀nà àìgbọdọ̀pẹ́. Ojú ọ̀gá gbọ́dọ̀ wà lára rẹ̀ tọ̀sán tòru. Ẹni tí ó bá ń lé káfíńtà kiri, tí ó wá fi bíríkìlà sílẹ̀, ariwo ni ó ń pa, kò ṣe àbójútó.

Iṣẹ́ mẹ́rin tàbí márùn-ún kò nílò kọ̀ǹpútà. Bí iṣẹ́ bá di ẹgbẹ̀rún kan, tí sìmẹ́ńtì wá pẹ́ dé ní ọjọ́ mẹ́ta, gbogbo ọjọ́ tí ó tẹ̀lé e ni a ó tún ṣírò. Ẹni tí ó ń fi ọwọ́ ṣe é yóò fi ọ̀sẹ̀ kan ya àtẹ tuntun. Kí ó tó yà á tán, ọjọ́ mìíràn ti yẹ̀. Ibi tí kọ̀ǹpútà ti wúlò nìyẹn: ẹ yí ọjọ́ kan padà, òun fúnra rẹ̀ yóò tún ìyókù ṣírò.

Ní orílẹ̀-èdè Nàìjíríà, nípa ìṣirò ìkànìyàn ọdún 1962 sí 1963 ni a kọ́kọ́ gbúròó kọ̀ǹpútà. Ẹ̀rọ ràgàjì ni nígbà náà, owó rẹ̀ kò sì kan ẹni kékeré. Ọdún 1981 ni IBM gbé kọ̀ǹpútà kékeré tí ó ṣeé gbé lé orí tábìlì jáde. Láàárín ọdún mẹ́ta, ètò kọ̀ǹpútà fún àbójútó iṣẹ́ ti dé orí irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀: ní 1983 ni ilé-iṣẹ́ Primavera bẹ̀rẹ̀ ní Amẹ́ríkà, ní 1984 sì ni Microsoft Project àkọ́kọ́ jáde. Láti ìgbà náà ni agbaṣẹ́ṣe tí kò ní ju yàrá méjì lọ ti lè ní ohun tí ó jẹ́ pé ilé-iṣẹ́ ńlá àti àwọn ológun nìkan ni ó ní i tẹ́lẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ rántí ohun tí ó ṣẹlẹ̀ sí wa láàárín àkókò náà. Ní 1986, nígbà tí ìjọba gbé ètò àtúntò ọrọ̀-ajé kalẹ̀, náírà já wálẹ̀, ọjà òkè òkun sì di ọ̀wọ́n gógó. Ọ̀pọ̀ ènìyàn sì yíjú sí tòkunbọ̀. Mọ́tò tòkunbọ̀, ẹ̀rọ amóhùntutù tòkunbọ̀, bẹ́ẹ̀ náà ni kọ̀ǹpútà. Nígbà tí ìjọba àpapọ̀ fi dá ilé-ẹ̀kọ́ gíga Pọ́lì sílẹ̀ ní Ọ̀fà ní 1992, lílo ohun àlòkù kì í ṣe ohun ìtìjú mọ́ ní ilẹ̀ wa. Ètò kọ̀ǹpútà pẹ̀lú ti di ohun tí ẹnìkan ń lò kù fún ẹlòmíràn. Nítorí náà, bí a bá rí ilé-iṣẹ́ tí ó ṣì ń lo ètò àtijọ́, kí a má ṣe sáré pè é ní ọ̀lẹ. Owó ni ó kọ́kọ́ fà á.

Ẹ jẹ́ kí a fi ojú inú wo agbaṣẹ́ṣe kan tí ó ní ọ́fíìsì ní Ọ̀fà. Ó ń kọ́ kíláàsì, ó ń gbẹ́ kànga ẹlẹ́rọ, ó ń la gọ́tà. Lórí tábìlì akọ̀wé rẹ̀ ni kọ̀ǹpútà kan wà tí Windows XP àti Microsoft Project ti 2003 wà nínú rẹ̀. Kí ni èrè rẹ̀? Ó ti sanwó rẹ̀ tán. Ẹnikẹ́ni kò ní í béèrè dọ́là lọ́wọ́ rẹ̀ ní oṣooṣù. Kò nílò íntánẹ́ẹ̀tì, nítorí náà ìdádúró íntánẹ́ẹ̀tì kò dá iṣẹ́ rẹ̀ dúró. Akọ̀wé rẹ̀ mọ̀ ọ́n bí ẹni mowó. Ìṣirò ọ̀nà àìgbọdọ̀pẹ́ kò sì yí padà láti 1957. Èsì tí ètò tuntun yóò fún un nípa kíláàsì rẹ̀ náà ni ti àtijọ́ yóò fún un. Wọ́n ní bí ọmọdé bá ní aṣọ bí àgbà, kò lè ní àkísà bí àgbà. Ètò tí a ti lò fún ogún ọdún, a ti mọ ibi tí ó ti ń kọsẹ̀.

Àlàáfíà kò pé bẹ́ẹ̀ fún ilé-iṣẹ́ tí ó tóbi jù bẹ́ẹ̀ lọ. Láti ọdún 2000 ni Microsoft ti gbé Project Central jáde, tí ó di Project Server ní 2002, kí ọ̀pọ̀ òṣìṣẹ́ lè jọ máa wo àlàkalẹ̀ kan náà láti orí kọ̀ǹpútà àgbà tí kọ̀ǹpútà gbogbo ọ́fíìsì so mọ́. Irú èyí kì í dá dúró. Ó nílò ètò tí ń darí kọ̀ǹpútà àgbà náà, ó nílò ibi ìpamọ́ ìsọfúnni tí ń jẹ́ SQL Server, ó sì nílò ètò tí ń fi ojú-ewé hàn. Ọwọ́ ọmọdé kò tó pẹpẹ, ti àgbàlagbà kò wọ kèrègbè: gbogbo wọn ni ó ń ran ara wọn lọ́wọ́. Nígbà tí Microsoft dẹ́kun àtúnṣe Windows Server 2003 ní 14 Oṣù Keje 2015, ẹni tí Project Server rẹ̀ wà lórí rẹ̀ kò lè kàn gbé ọ̀kan kúrò kí ó fi òmíràn sí i. Gbogbo wọn ni ó gbọ́dọ̀ jọ dìde. Ìyẹn ni ó jẹ́ kí ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ kárí ayé máa bẹ̀rù àti fọwọ́ kan ohun tí ó ṣì ń ṣiṣẹ́.

Ẹ jẹ́ kí a wá sọ ewu tí ó wà níbẹ̀ láìfi ọ̀kan pamọ́.

Èkíní, ewu àwọn ọ̀tá tí ń gba ojú íntánẹ́ẹ̀tì wọlé. Ní 8 Oṣù Kẹrin 2014 ni Microsoft dẹ́kun àtúnṣe Windows XP àti Project 2003. Ilẹ̀kùn tí ó bá ṣí lẹ́yìn ọjọ́ náà, kò sí ẹni tí ó jẹ́ ọ ní gbèsè láti bá ọ tì í. Ní 12 Oṣù Karùn-ún 2017, kòkòrò kọ̀ǹpútà tí wọ́n pè ní WannaCry tàn ká ayé, ó ti fáìlì àwọn ènìyàn pa, ó sì ń béèrè owó ìtúsílẹ̀. Àwọn kọ̀ǹpútà tí a kò fi àtúnṣe sí ni ó bá jà, àwọn ilé-ìwòsàn ìjọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì sì wà lára àwọn tí ó fara gbá a.

Èkejì, ewu ọjọ́. Àwọn ẹ̀dà Project títí dé ti 2010 kò mọ ọjọ́ kankan tí ó ṣáájú 1 Oṣù Kìíní 1984, wọn kò sì mọ èyí tí ó kọjá 31 Oṣù Kejìlá 2049. Ẹ rò ó wò. Bí akẹ́kọ̀ọ́ kan bá fẹ́ fi í ya àtẹ bí irin ṣe dé Ọ̀fà ní 1908, ètò náà yóò kọ̀ ọ́ fún un. Lójú rẹ̀, ọjọ́ náà kò sí. Bí ìjọba bá sì fẹ́ fi í tọ́jú àdéhùn ọgbọ̀n ọdún tí ó bẹ̀rẹ̀ ní 2025, àdéhùn náà yóò ré kọjá òpin ayé tí ètò náà mọ̀. Ohun tí ẹni tí ó ṣe irinṣẹ́ kò rò ní ọjọ́ tí ó ṣe é ni ó ń di ògiri níwájú ẹni tí ó jogún rẹ̀.

Ẹ̀kẹta, ewu èdè fáìlì. Bí ènìyàn ti ń sọ èdè ni fáìlì ń sọ èdè, èdè Project sì yí padà láti ẹ̀dà dé ẹ̀dà. Ní ìgbà kan, fáìlì tí a ń pè ní MPX wà, tí ó jẹ́ ọ̀rọ̀ lásán tí ẹlòmíràn lè kà. Project 98 ni ó kẹ́yìn nínú àwọn tí ó lè kọ ọ́. Láti ẹ̀dà ti 2002 ni a ti lè fi àlàkalẹ̀ pamọ́ ní XML, tí òun náà jẹ́ ọ̀rọ̀ tí ojú lè kà. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ ènìyàn kò ṣe bẹ́ẹ̀. Wọ́n fi í sílẹ̀ nínú fáìlì tí ó jẹ́ pé ètò náà nìkan ni ó mọ̀ ọ́n.

Ẹ̀kẹrin, èyí tí ó burú jù, ni ewu ènìyàn. Akọ̀wé tí ó mọ ètò náà yóò fẹ̀yìn tì tàbí kí ó gba iṣẹ́ sí Abuja. Àwo CD tí a fi gbé e sórí kọ̀ǹpútà yóò sọnù, nọ́ńbà àṣẹ tí ó wà lára páálí rẹ̀ yóò bá ìdọ̀tí lọ. Ní ọjọ́ tí kọ̀ǹpútà bá kú, ohun gbogbo kú. Àgbà kò sí, ìlú bàjẹ́. Baálé ilé kú, ilé di ahoro.

Ẹ ó rí i pé nínú ewu mẹ́rẹ̀ẹ̀rin yìí, kò sí èyí tí ó sọ pé ìṣirò ètò àtijọ́ ti di irọ́. Ìtọ́jú ni gbogbo wọn ń béèrè. Nítorí náà, ẹni tí ó bá fẹ́ máa lo ètò àtijọ́, ẹ jẹ́ kí ó ṣe ohun mẹ́fà. Kí ó yọ kọ̀ǹpútà náà kúrò lórí íntánẹ́ẹ̀tì pátápátá, kí ó má sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni ki ohun ìpamọ́ tí a kò yẹ̀ wò bọ̀ ọ́ lára. Kí ó tọ́jú àwo ètò náà àti nọ́ńbà àṣẹ rẹ̀ bí ìwé ilẹ̀. Kí ó máa ṣe ẹ̀dà àlàkalẹ̀ rẹ̀ sí ibi méjì ó kéré tán, kí ọ̀kan wà níta ọ́fíìsì, nítorí ọ̀nà kan kò wọ ọjà. Kí ó máa fi ọ̀kan nínú àwọn ẹ̀dà náà pamọ́ ní XML, kí ó sì máa tẹ àtẹ oṣooṣù sórí ìwé. Kí ó so kọ̀ǹpútà mọ́ bátìrì tí yóò gbé e ró nígbà tí iná bá lọ lójijì, nítorí ìgbà tí fáìlì ń wọlé lọ́wọ́ tí iná sì lọ ni ó máa ń bàjẹ́. Paríparí rẹ̀, kí ó kọ́ ẹnì kejì. Ìmọ̀ tí ó wà lórí ẹnì kan ṣoṣo kì í ṣe ti ilé-iṣẹ́. Ti ẹni náà ni.

Ó tún ku ọgbọ́n kan tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ kọ̀ǹpútà lè ṣe fún ilé-iṣẹ́ àdúgbò wọn. A lè mú kí kọ̀ǹpútà tuntun ṣe bí ẹni pé kọ̀ǹpútà àtijọ́ ni òun, kí a sì gbé Windows XP àti ètò àtijọ́ náà sínú rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ẹ̀rọ inú ẹ̀rọ. Bí irin òde bá bàjẹ́, a ó gbé ti inú lọ sórí òmíràn láìsí ìpalára. Lẹ́yìn náà, kí a máa dán ẹ̀dà wò lẹ́ẹ̀kan lóṣù mẹ́ta. Ẹ̀dà tí a kò ṣí wò rí, ìrètí lásán ni.

Ẹnìkan lè sọ pé, “Ẹ̀gbọ́n, wàhálà yìí pọ̀ jù. Ẹ jẹ́ kí a kúkú ra tuntun kí a bọ́.” Ọ̀rọ̀ rẹ̀ dára, ó sì tọ̀nà ní ibi tí owó bá wà tí ọ̀pọ̀ ènìyàn sì ń jọ ṣiṣẹ́. Ṣùgbọ́n kí ó mọ̀ pé tuntun pẹ̀lú yóò gbó. Primavera P3 tí ó jẹ́ ọ̀gá ní ọ́fíìsì àwọn akọ́lé ní ìgbà kan, ọdún 2010 ni Oracle, tí ó ra Primavera ní 2008, dẹ́kun títà rẹ̀. Windows 10 tí àwa kan ṣì ń pè ní tuntun, 14 Oṣù Kẹwàá 2025 ni Microsoft dáwọ́ àtúnṣe rẹ̀ dúró. Project Online tí ó jẹ́ ti orí íntánẹ́ẹ̀tì, tí wọ́n ní ó gba ilé-iṣẹ́ lọ́wọ́ ìtọ́jú kọ̀ǹpútà àgbà, Microsoft ti kéde 30 Oṣù Kẹsàn-án 2026 fún òpin rẹ̀. Ẹni tí ó sá fún ìtọ́jú lónìí yóò pàdé rẹ̀ lọ́la. Bí tirẹ̀ bá sì wà lórí ẹ̀rọ ẹlòmíràn, ẹlòmíràn náà ni yóò yan ọjọ́ fún un.

Kí ló dé tí ọ̀rọ̀ yìí fi kan ará ìlú tí kò ní kọ̀ǹpútà? Ní ọdún 2011, ìgbìmọ̀ kan tí ìjọba àpapọ̀ gbé kalẹ̀ láti yẹ iṣẹ́ àkànṣe wò ní orílẹ̀-èdè yìí jábọ̀ pé iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ tí a bẹ̀rẹ̀ tí a kò parí jẹ́ 11,886. N kò sọ pé kọ̀ǹpútà ni ó fà á. Owó tí kò jáde, ìjọba tí ó yí padà, àti ìwà ìbàjẹ́ ni a mọ̀ mọ́ irú rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ ronú sí ẹni tí a bá ní kí ó wá parí ọ̀kan nínú wọn. Ìbéèrè àkọ́kọ́ tí yóò béèrè ni pé: níbo ni iṣẹ́ dé? Èwo ni a ti sanwó rẹ̀? Kí ni ó kù lórí ọ̀nà àìgbọdọ̀pẹ́? Bí ìdáhùn bá wà nínú fáìlì tí kò sẹ́ni tí ó lè ṣí i mọ́, yóò bẹ̀rẹ̀ láti ìpìlẹ̀, ìlú yóò sì san owó iṣẹ́ kan lẹ́ẹ̀mejì. Ibi tí àkọsílẹ̀ bá ti kú, ibẹ̀ náà ni olè ti ń rí ibùba. Ọmọ tí ó yẹ kí ó jókòó nínú kíláàsì yẹn ni yóò jìyà rẹ̀.

Ó yá, ẹ jẹ́ kí a padà sí Ọ̀fà. Gbogbo wa ni a mọ bí ọkọ̀ ojú irin ti rẹ̀ sílẹ̀ ní orílẹ̀-èdè yìí, tí koríko bo ojú ọ̀nà, tí ibùdókọ̀ sì dákẹ́ fún ìgbà pípẹ́. Síbẹ̀, lẹ́yìn àtúnṣe, ní Oṣù Kejìlá 2012, ọkọ̀ tún bẹ̀rẹ̀ sí í ná Èkó sí Kano, ó sì gba Ọ̀fà kọjá. Lórí àlàfo wo ni ó gbà? Ẹsẹ̀ bàtà 3 àti ínǹṣì 6 náà ni, ìwọ̀n kan náà tí irin fi dé ìlú wa ní 1908. Àwọn tí ó tẹ́ ẹ ti kú tipẹ́. Ìjọba tí ó rán wọn ti kógbá sílé. Ẹ̀rọ tí ń jẹ èédú ti kúrò lójú ọ̀nà. Ṣùgbọ́n ìwọ̀n náà kì í ṣe àṣírí ẹnikẹ́ni. Ẹnikẹ́ni tí ó bá ní okùn ìwọ̀n lè mọ̀ ọ́n, ilé-iṣẹ́ èyíkéyìí sì lè rọ ẹsẹ̀ ọkọ̀ tí yóò bá a mu. Ìdí nìyẹn tí ẹni tuntun fi lè gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ẹni àtijọ́ lẹ́yìn ọdún 104.

Ìdáhùn ìbéèrè wa nìyí. Ẹni tí ó ń lo irinṣẹ́ àtijọ́, tí ó mọ̀ ọ́n, tí ó ń tọ́jú rẹ̀, tí ó sì ń kọ iṣẹ́ rẹ̀ sílẹ̀ lọ́nà tí ẹlòmíràn lè kà, ọlọ́gbọ́n ni. Ẹni tí ó ń lo tuntun tí kò sí ẹlòmíràn tí ó lè ka ohun tí ó fi sílẹ̀, òun ni ó wà nínú ewu, bí irinṣẹ́ rẹ̀ tilẹ̀ ń dán bí idẹ. Àwọn ará Ọ̀fà mọ̀ ọ́n nínú ìjàkadì pé kì í ṣe ẹni tí ara rẹ̀ tóbi ni ó ń dá ènìyàn, ẹni tí ó mọ ibi tí a ti ń di ọwọ́ mú ni.

Ẹ̀yin olùkọ́, mo fi iṣẹ́ kan sílẹ̀ fún yín. Ẹ jẹ́ kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yín mú iṣẹ́ kan tí ó dúró ní àdúgbò wọn, ìbáà jẹ́ kànga tàbí gọ́tà. Kí wọ́n fi ìwé àti pẹ́ńsù ya àtẹ rẹ̀ kí wọ́n tó fọwọ́ kan kọ̀ǹpútà. Kí wọ́n wá ọ̀nà àìgbọdọ̀pẹ́ rẹ̀. Lẹ́yìn náà, kí wọ́n gbé àtẹ náà fún kíláàsì mìíràn tí kò sí níbẹ̀ nígbà tí wọ́n ń yà á, láìsọ ọ̀rọ̀ kankan, kí wọ́n sì wò ó bóyá àwọn yẹn lè bá wọn parí iṣẹ́ náà. Bí wọ́n bá lè ṣe é, àlàkalẹ̀ náà yè. Bí wọn kò bá lè ṣe é, ẹ jẹ́ kí wọ́n tún un kọ.